Oúnjẹ Ẹ̀yìn Ilé

Bí oòrùn bá ti kan àtàrí, Idalina á bu ìrẹsì àti ẹ̀wà sínú abọ́ páànù, á há ìgò omi sí abíyá, á sì gba ẹnu ọ̀nà ilé ìdáná jáde lọ sẹ́yìn ilé. Ìdúró ló fi ń jẹun. Ó máa ń kẹ̀yìn sí ojú ọ̀nà, kí ẹni tó bá ń gun ẹṣin tàbí alùpùpù kọjá lè rò pé adìẹ ló ń bọ́. Á fi ṣíbí kan sẹ́nu, á mu omi tẹ̀ lé e, á na ọwọ́ méjèèjì sókè bí ẹni tí ọlọ́pàá na ìbọn sí, á wá dúró. Nígbà mìíràn oúnjẹ á lọ. Nígbà mìíràn kò ní lọ, á kàn jókòó sí i láyà, títí yóò fi padà gba ibi tó gbà wọlé jáde. Àwọn adìẹ á sì sáré wá gba tiwọn.

Ọdún mẹ́rìnlá rèé tó ti ń jẹun báyìí. Ní ìgbèríko Goiás tí wọ́n bí i sí, àìsàn náà kì í ṣe tuntun. Àìsàn ahánilọ́fun ni wọ́n ń pè é, kò sì sí abúlé tí kò ní àgbàlagbà kan tó ń fi omi ti oúnjẹ. Ṣùgbọ́n àìsàn tí gbogbo ayé mọ̀ náà ni gbogbo ayé ń tijú rẹ̀. Wọ́n á ní ó ń ràn. Wọ́n á ní nínú ìdílé ló ń rìn. Wọ́n á ní ọmọ òtòṣì ló ń ṣe. Èyí tó kẹ́yìn yìí nìkan ló jẹ́ òótọ́, òun náà ló sì dun Idalina jù.

Orozimbo ọkọ rẹ̀ nìkan ló mọ̀. Òun ló máa ń jókòó tì í, tó máa ń rọra jẹun kí obìnrin náà má bàa rò pé òun ń pẹ́. Orozimbo ti kú lọ́dún mẹ́wàá sẹ́yìn. Wọn kò bímọ. Ẹni kan ṣoṣo tó kù fún Idalina láyé ni Belmiro, ẹ̀gbọ́n rẹ̀, tí ilé rẹ̀ wà ní òdìkejì odò kékeré tó la ilẹ̀ bàbá wọn kọjá. Aya Belmiro ti kú tipẹ́, àwọn ọmọ rẹ̀ ti bá iṣẹ́ lọ sí Brasília. Ẹni tó bá dúró lẹ́yìn ilé Idalina lè rí òrùlé Belmiro. Bó bá di ọ̀sán, ó tún lè rí Belmiro fúnra rẹ̀ láàárín àwọn adìẹ tirẹ̀. Wọn kò bára wọn sọ̀rọ̀ fún ọdún mẹ́sàn-án.

Ẹlẹ́dẹ̀ ló fa ìjà náà. Lápá ọ̀dọ̀ wọn, ẹni tó bá pa ẹlẹ́dẹ̀ kì í dá a jẹ. Àwọn aládùúgbò á wá bá a kun ún, wọ́n á jọ jẹun nídìí tábìlì gígùn lágbàlá. Ẹni tí kò bá lè wá, wọ́n á fi aṣọ bo àwo ẹran, wọ́n á gbé e lọ bá a nílé. Bí wọ́n bá sì gbé oúnjẹ síwájú rẹ tí o kò jẹ, kò sí àwáwí tó lè gbà ọ́. O ti tẹ́ onílé nìyẹn. Lọ́jọ́ tí à ń wí yìí, Belmiro fúnra rẹ̀ ló ń gbé ìkòkò káàkiri, tó ń bù ú fún olúkúlùkù títí àwo fi ń kún àkúnwọ́sílẹ̀. Nígbà tó ṣe, ó jókòó sí ọ̀kánkán àbúrò rẹ̀. Idalina ń fi ṣíbí da ìrẹsì rú, ó ń rẹ́rìn-ín sí ọ̀rọ̀ tí kò gbọ́, ó sì ń yọ́ ẹran kọ̀ọ̀kan sábẹ́ tábìlì fún Sultão, ajá Belmiro.

Ká tó wí ká tó fọ̀, Belmiro lu tábìlì gbì.

"Idalina! Ajá lo ń fún ní oúnjẹ mi?"

Gbogbo ṣíbí dúró sójú kan.

"Bùọ̀dá, ẹ jọ̀ọ́..."

"Ẹran tí mo fọwọ́ ara mi sè! O wọlé mi, o jókòó nídìí tábìlì mi, o wá ń fi oúnjẹ mi bọ́ ajá! Kí ló dé? Ṣé mo fi májèlé sí i ni?"

Ọ̀rọ̀ kan péré ì bá parí rẹ̀. Bí Idalina bá ti sọ pé ọ̀fun òun kò ṣí, ì bá ti tán síbẹ̀. Ṣùgbọ́n ojú tó wà nídìí tábìlì náà tó ogún, ìtìjú sì ti dí i lẹ́nu pa. Òun náà rántí pé nígbà tí wọ́n ń ṣe àdúrà ọjọ́ keje ikú Orozimbo, Belmiro wá, ó mu kọfí lórí ìdúró, kò sì fọwọ́ kan ohunkóhun nínú oúnjẹ tí òun sè. Ta ló wá tẹ́ ta? Ó mú àpò rẹ̀, ó dìde. Ohùn ẹ̀gbọ́n rẹ̀ bá a dé ẹnu géètì:

"Kí àwo kankan má ṣe sọdá odò yìí mọ́ láyé!"

Bí a bá ń jà, bí i ká kú kọ́. Àwọn àgbà ló wí bẹ́ẹ̀, ṣùgbọ́n àwọn àgbà kò bá ìdílé yìí gbé. Àwo kankan kò sọdá mọ́.

Ọdún ń gorí ọdún, Idalina ń rù. Lọ́jọ́ kan, òòyì kọ́ ọ nídìí kànga, ó ṣubú. Ọmọbìnrin òṣìṣẹ́ ìlera kan tó ń wọlé kiri ló bá a níbẹ̀, ló bá gbé e sórí òṣùwọ̀n. Kílò mọ́kàndínlógójì. Ọmọbìnrin náà sunkún kí Idalina tó sunkún. Kí oṣù tó tán, wọ́n ti kọ ìwé rẹ̀ ránṣẹ́ sí ọsibítù ńlá kan ní Goiânia, níbi tí wọ́n ti fún un ní nǹkan funfun mu, tí wọ́n sì ya fọ́tò àyà rẹ̀ bó ṣe ń gbé e mì.

Dókítà Heloísa ló fi fọ́tò náà hàn án. Obìnrin pẹ́lẹ́ńgẹ́ kan ni, ìka rẹ̀ gùn, ó sì ń sọ̀rọ̀ wéréwéré.

"Ẹ wò ó, Mà. Ọ̀nà ọ̀fun yín rèé. Kò yẹ kó fẹ̀ tó báyìí. Oúnjẹ ló ń rọ́ síbẹ̀ tó ń fẹ̀ ẹ́. Nísàlẹ̀ níbí, níbi tó ti yẹ kí ilẹ̀kùn ṣí sínú ikùn, ó dì pa."

"Ta ló tì í?"

"Onígbàjámọ̀ ni."

Idalina mọ onígbàjámọ̀. Kì í ṣe èyí tó ń fá irun. Kòkòrò dúdú ni, tó ń sá pamọ́ sínú ògiri amọ̀ tó bá ti sán, tó máa ń jáde wá mu ẹ̀jẹ̀ lójú ẹni tó ń sùn. Inú irú ilé bẹ́ẹ̀ ni wọ́n bí i sí, ilé amọ̀ àti igi, tí wọ́n fi koríko ṣe òrùlé rẹ̀. Láàárọ̀, òun àti Belmiro a máa fi bàtà pa kòkòrò náà mọ́ ògiri, wọ́n á máa ka ojú ẹ̀jẹ̀. Ẹni tó bá pa púpọ̀ jù ló máa mu wàrà gbígbóná ṣáájú. Kò sẹ́ni tó sọ fún wọn pé ẹ̀jẹ̀ ara wọn ni wọ́n ń kà.

"Kòkòrò àìrí tó fi sí yín lẹ́jẹ̀ ti ń jẹ yín láti inú láti ogójì ọdún," ni dókítà wí. "Àwọn iṣan tó ń sọ fún ọ̀fun pé kó ṣí, ó ti pa wọ́n. A ò lè jí wọn dìde. Ṣùgbọ́n a lè gé ẹran ara tó fún ilẹ̀kùn náà pa. A máa fún yín lóògùn oorun, a máa ki okùn kan tó ní iná àti ojú lórí gba ẹnu yín wọlé. A máa la awọ inú ọ̀fun díẹ̀, a máa gba abẹ́ awọ náà lọ sí ibi tó dì, a máa gé e níbẹ̀. Bí a bá ti ń bọ̀, a máa fi ìdè kéékèèké pa ojú ibi tí a là dé. Kò ní sí àpá kankan lára yín."

"Ọ̀bẹ máa gba ẹnu mi kọjá?"

"Bẹ́ẹ̀ ni, Mà."

"Ó dáa. Ó kéré tán, nǹkan kan máa gba ibẹ̀ kọjá."

Dókítà rẹ́rìn-ín, ó wá mú bírò rẹ̀. "Ta lẹ jọ gbé inú ilé amọ̀ yẹn? Ẹ̀gbọ́n, àbúrò? Ó yẹ ká yẹ̀ wọ́n wò. Ẹni tó bá tètè wá, okùn yìí máa tó o. Ẹni tó bá pẹ́, tí ọ̀fun rẹ̀ ti fẹ̀ jù, a máa ní láti la ara rẹ̀, ká yọ ọ̀fun náà pátápátá, ká fa ikùn sókè dípò rẹ̀. Kì í ṣe gbogbo ènìyàn ló ń la ìyẹn já."

Idalina rí tábìlì gígùn yẹn. Ó gbọ́ ohùn yẹn.

"Kò sẹ́nì kankan," ó wí. "Gbogbo wọn ti kú."

Báyìí ló ṣe pa ẹ̀gbọ́n rẹ̀ tó ń mí, lórí tábìlì dókítà. Ọ̀rọ̀ náà rọ̀ ọ́ lẹ́nu nígbà tó ń sọ ọ́. Ìgbà tó délé ló tó mọ bó ṣe wúwo tó.

Òfin tí wọ́n fún un kò le. Fún ọjọ́ márùn-ún, omi ọbẹ̀ tí wọ́n sẹ́ àti wàrà nìkan ni kó máa mu. Lọ́jọ́ tó bá ń bọ̀, omi lásán. Kò gbọ́dọ̀ sí èérún kankan nínú ọ̀fun rẹ̀, nítorí tí oúnjẹ bá wà níbẹ̀ nígbà tó bá sùn, inú ẹ̀dọ̀fóró ló máa dà sí. Idalina pa òfin mọ́ fún ọjọ́ márùn-ún. Ebi ò já mọ́ nǹkan lójú rẹ̀, ọ̀rẹ́ àtijọ́ ni wọ́n.

Ọkọ̀ tí ìjọba ìbílẹ̀ fi ń kó aláìsàn lọ sí Goiânia ló ba nǹkan jẹ́. Ìdájí ló máa ń gbéra níwájú ṣọ́ọ̀ṣì. Ẹni tó jókòó ti Idalina ni ìyá àgbàlagbà kan tó wá láti abúlé kejì, Jovita lórúkọ rẹ̀, egungun lásán tó wé ìborùn, ṣùgbọ́n ẹnu rẹ̀ kì í sinmi. Bí ilẹ̀ ṣe ń mọ́, ó tú agbọ̀n kan tó gbé sí itan. Búrẹ́dì wàràkàṣì ló wà nínú rẹ̀, àwọn róbótó róbótó yẹn, tó ṣì ń gbóná. Ó pín in yíká ọkọ̀, ó kan Idalina.

"Gbà, àbúrò mi. Òní yìí ni mo yan án."

"Ẹ ṣé, Mà. Inú mi kún."

"Inú ta ló kún ní ìdájí? Àbí o kórìíra ọwọ́ mi ni?"

Gbogbo ọkọ̀ yíjú padà. Ẹ jẹ́ ká má bá Idalina wí jù. Ẹni tó ti fi ọdún mẹ́sàn-án jìyà nítorí àwo oúnjẹ kan tí kò jẹ, ẹ ní kó tún kọ èkejì níṣojú ènìyàn mẹ́tàlá? Ó gbà á. Jovita ń wò ó lẹ́nu, kò sì ṣeé fi sápò. Ó jẹ ẹ́. Kò lè na ọwọ́ sókè nínú ọkọ̀. Búrẹ́dì náà sì dúró sí i láyà títí wọ́n fi dé Goiânia.

Wọ́n bi í bóyá ó jẹ nǹkan. Ó ní rárá. Wọ́n fún un lóògùn kó lè tòògbé díẹ̀, wọ́n ki okùn náà wọlé láti kọ́kọ́ wo inú ọ̀fun, kí wọ́n tó fún un ní oorun gidi. Ohun tó kọ́kọ́ pàdé ojú okùn náà ni búrẹ́dì Jovita. Nígbà tí Idalina lajú, Dókítà Heloísa dúró lé e lórí, kò sì rẹ́rìn-ín lọ́tẹ̀ yìí.

"Mà, ẹ fẹ́ kú sí mi lọ́wọ́ ni? Kí ló dé tí ẹ jẹun?"

"Wọ́n fún mi ni."

"Wọ́n fún yín! Ẹ ò lè sọ pé rárá?"

Idalina kò mọ bó ṣe lè ṣàlàyé ìyẹn fún ọmọ ìlú ńlá. Dókítà mí kanlẹ̀, ó ní wọn kò ní dá a padà sílé, wọ́n máa dá a dúró sí wọ́ọ̀dù fún ọjọ́ mẹ́rin lábẹ́ ojú wọn, omi nìkan. Wọ́n gbé e lọ sórí bẹ́ẹ̀dì tó wà lẹ́bàá fèrèsé. Ta ló wà lórí bẹ́ẹ̀dì kejì? Jovita ni.

"Ẹ̀yin náà?" ni Idalina kígbe.

"Èmi náà kẹ̀," ni Jovita wí. "Láti ọdún mẹ́tàdínlọ́gbọ̀n. Ìwọ náà ni, o sì gba búrẹ́dì lọ́wọ́ mi? O ya wèrè!"

"Ẹ̀yin lẹ fipá fún mi!"

"Mo máa ń fún gbogbo ènìyàn ni. Ẹnikẹ́ni kì í bi ẹni tó ń pín oúnjẹ pé ṣé ó ti jẹun. Ibi yòówù tí mo bá lọ, èmi ni mo máa ń gbé àwo káàkiri. Wọ́n á ní, ẹ wo ọwọ́ Jovita, ó lawọ́! N kò jẹ ẹyọ kan rí nínú búrẹ́dì yẹn láti ìgbà tí ọmọ mi àbíkẹ́yìn ti lọ sílé ọkọ."

Wọ́n rẹ́rìn-ín títí nọ́ọ̀sì fi wá bá wọn wí. Fún ọjọ́ mẹ́ta, Idalina ní ẹni tó ń bá sọ̀rọ̀ láàárọ̀, lọ́sàn-án, lálẹ́. Ó ti gbàgbé bí ohùn ara rẹ̀ ṣe ń rí tí ẹlòmíì bá ń dá a lóhùn. Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ Jovita kò rí bíi tirẹ̀. Ọ̀fun tirẹ̀ ti fẹ̀, ó ti ká kò, okùn kò lè ṣe nǹkan kan sí i mọ́. Yíyọ ni wọ́n máa yọ ọ́.

"Kí ló dé tí ẹ ò tètè wá, Màmá?"

"Ta ni ǹ bá sọ fún?"

Láàárọ̀ ọjọ́ kẹrin, wọ́n wá fi bẹ́ẹ̀dì onítáyà gbé Jovita lọ. Ó juwọ́ bí ẹni tó ń lọ sọ́jà. Ọ̀sán pọ́n, kò dé. Oòrùn wọ̀, kò dé. Nọ́ọ̀sì kan wá ká aṣọ bẹ́ẹ̀dì rẹ̀, ó tẹ́ òmíràn.

"Ìyá yẹn ńkọ́?"

"Wọ́n ti parí iṣẹ́ abẹ rẹ̀. Ó wà ní yàrá tí àlejò kì í wọ̀."

"Ṣé ó máa yè é?"

"Ẹ lọ sinmi, Màmá. Ọ̀la ló kàn yín."

Kí wọ́n tó gbé e wọlé lọ́jọ́ kejì, nọ́ọ̀sì náà mú ìwé kan wá. Orúkọ, ọjọ́ orí, àdúgbò. Ó wá kan ibi tí wọ́n kọ pé, ẹni tí a lè pè.

"Ta ni ká kọ, Màmá?"

Idalina rò ó. Ó rò ó títí bírò fi gbẹ lọ́wọ́ nọ́ọ̀sì. Òṣìṣẹ́ ìlera yẹn? Kò mọ orúkọ bàbá rẹ̀. Àlùfáà? Wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ gbé òmíràn wá ni.

"Ẹ fi í sílẹ̀ bẹ́ẹ̀," ó wí. Ìyẹn dùn ún ju gbogbo abẹ́rẹ́ tí wọ́n fún un lọ.

Iṣẹ́ náà gba wákàtí kan àbọ̀. Nígbà tó jí, àyà ń ro ó bí ẹni tí ẹṣin tàpá sí. Lọ́jọ́ kejì, nígbà tí wọ́n ti yẹ̀ ẹ́ wò tán, wọ́n gbé ife omi kan fún un. Ó mu ún, ó na ọwọ́ méjèèjì sókè.

Nọ́ọ̀sì bú sẹ́rìn-ín. "Màmá, ẹ sọ ọwọ́ yín kalẹ̀. Ẹnikẹ́ni ò mú yín."

Idalina sọ ọwọ́ kalẹ̀. Omi náà ti lọ. Kò dúró níbì kankan, kò bèèrè nǹkan kan, ó kàn lọ. Ó wo apá ọ̀tún, ó wo apá òsì, ó ń wá ẹni tó máa sọ fún. Bẹ́ẹ̀dì Jovita ṣì ṣófo. Ìgbà yẹn ni omijé bọ́.

Ọjọ́ tó ń lọ sílé, ó tún bèèrè Jovita. Wọ́n ní ó ṣì wà níbẹ̀. Wọn kò sọ ju bẹ́ẹ̀ lọ. Ọkọ̀ ń fun fèrè, ó wọlé, ó lọ.

Omi ọbẹ̀ ló ń mu fún ọ̀sẹ̀ kìíní. Ọ̀sẹ̀ kejì, ó bọ́ sórí oúnjẹ rírọ̀. Ní ọ̀sẹ̀ kẹrin, ó se ìrẹsì, ó se ẹ̀wà, ó fi ẹyin sí i, ó tẹ́ aṣọ sórí tábìlì tí kò tẹ́ nǹkan sí láti ìgbà tí Orozimbo ti kú. Ó jókòó. Ó jẹun. Àwọn àgbà ní ọ̀nà ọ̀fun ni ọ̀nà ọ̀run. Alájẹkì ni wọ́n fi ń bá wí, ṣùgbọ́n lọ́jọ́ náà Idalina jẹ àwo méjì láìbẹ̀rù ọ̀run. Nígbà tó gbójú sókè, àga tó wà ní ọ̀kánkán rẹ̀ ló rí. Ọ̀fun ti ṣí, ilé ṣì wà ní títì. Ó wá rí i pé kì í ṣe oúnjẹ nìkan ni ebi rẹ̀ ti ń pa òun fún ọdún mẹ́sàn-án.

Ó tún rò ó. Ta ni ǹ bá sọ fún? Jovita ló wí bẹ́ẹ̀. Dókítà náà ti bi òun ní ìbéèrè kan, òun sì ti parọ́. Bí onígbàjámọ̀ bá mu ẹ̀jẹ̀ òun ní ilé yẹn, ṣé ó máa fo Belmiro dá ni? Orí ẹní kan náà ni wọ́n jọ sùn. Kó bínú, kó máà bínú, ó gbọ́dọ̀ gbọ́, kó lọ yẹ ara rẹ̀ wò kó tó pẹ́.

Lọ́jọ́ Àìkú, ó se ẹran ẹlẹ́dẹ̀ títí ó fi rọ̀, ó bu ìrẹsì sí i, ó fi aṣọ mímọ́ bò ó, ó sì gba orí pákó sọdá odò. Àwo àkọ́kọ́ láti ọdún mẹ́sàn-án. Ó dé ẹnu géètì Belmiro, ó pàtẹ́wọ́ bí àlejò ṣe ń ṣe. Kò sẹ́ni tó dáhùn. Èéfín ń yọ nínú ilé ìdáná. Ó gba ẹ̀gbẹ́ ilé lọ sẹ́yìn.

Belmiro wà níbẹ̀. Ó kẹ̀yìn sí ọ̀nà, ó dúró láàárín adìẹ, abọ́ wà lórí òpó ọgbà, ìgò omi wà lẹ́sẹ̀ rẹ̀. Ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì wà lókè.

Gbogbo ọ̀rọ̀ tí Idalina ti tò sílẹ̀ fò lọ. Ọdún mẹ́sàn-án ló fi ń wo ọkùnrin yìí láti òdìkejì odò, lọ́sàn-án gangan, tó ń rò pé adìẹ ló ń bọ́. Kò pè é. Ó mọ̀ pé wọn kì í dẹ́rù ba ènìyàn lásìkò yẹn. Ó dúró títí ọwọ́ fi wálẹ̀.

"Ṣé ó lọ?" ó bi í.

Belmiro yí padà. Ẹ̀wù rẹ̀ bò ó mọ́lẹ̀ bí àgbàwọ̀, ọrùn rẹ̀ sì dà bí ọrùn akukọ. Ó wo àbúrò rẹ̀, ó wo àwo.

"Kí ló lọ?"

"Òkèlè yẹn. Ṣé ó lọ?"

"Kò tíì lọ."

"Ẹ mu omi sí i. Ẹ na ọwọ́ dáadáa, ti òsì yẹn ti tẹ̀."

Ó mu ún. Ó na ọwọ́. Wọ́n dúró dè é.

"Ọdún mélòó, Bùọ̀dá?"

"Mọ́kànlá. Ó ti mú mi kí Orozimbo tó kú."

Kọfí orí ìdúró yẹn. Kì í ṣe oúnjẹ òun ló kọ̀ lọ́jọ́ náà.

"Mo sọ fún dókítà pé ẹ ti kú," ó wí.

"O ò parọ́ jìnnà."

Ó sọ gbogbo rẹ̀ fún un, okùn, ọ̀bẹ, búrẹ́dì Jovita. Ó ní ọkọ̀ máa ń gbéra lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun níwájú ṣọ́ọ̀ṣì, àti pé tí wọ́n bá bi í léèrè ẹni tí wọ́n lè pè, orúkọ òun ni kó sọ.

"Tó bá ti pẹ́ jù ńkọ́?"

"Wọ́n á yọ ọ̀fun náà. Mo mọ obìnrin kan tí wọ́n ṣe é fún."

"Ó yè é?"

"N ò mọ̀." Ó ń sunkún. "Ohun kan wà tí kò yé mi. Lọ́jọ́ ẹlẹ́dẹ̀ yẹn, aṣọ tábìlì gùn dé ilẹ̀. Báwo lẹ ṣe mọ̀ pé mo ń fún Sultão lẹ́ran?"

Belmiro ń wo àwọn adìẹ.

"Ọwọ́ mi ló ti ń jẹun tẹ́lẹ̀," ó wí. "Ó ṣàdédé fi mí sílẹ̀, ó gba ọ̀dọ̀ rẹ lọ. Mo ká aṣọ sókè láti wò ó, mo rí ọwọ́ rẹ. Ẹ̀rù bà mí pé ẹlòmíì máa bẹ̀rẹ̀ wò, á sì rí tèmi. Ni mo bá yára pariwo."

Idalina jókòó sórí ọpọ́n ẹlẹ́dẹ̀ tó dojú dé. Kò mọ̀ bóyá kóun lù ú tàbí kóun dì mọ́ ọn. Ọdún mẹ́sàn-án, nítorí ajá kan tó ti kú, ajá tó jẹ́ pé òun nìkan ló yó lọ́jọ́ náà.

Ó ṣí àwo. Ó bu ṣíbí kan, ó gbé e mì níṣojú rẹ̀. Belmiro tẹjú mọ́ ọ̀fun àbúrò rẹ̀.

"Ṣé ó lọ?"

"Ó lọ."

Belmiro mú ṣíbí náà lọ́wọ́ rẹ̀. Ó bu ìrẹsì díẹ̀, èyí tó rọ̀ jù, ó fi omi tẹ̀ lé e, ó na ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì sókè. Idalina gbé àwo sílẹ̀, ó dìde dúró tì í, ó sì na tirẹ̀ náà. Wọ́n dúró bẹ́ẹ̀ lẹ́yìn ilé, láàárín adìẹ, wọ́n ń retí.